Gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ Tí Wọn Kò Dà Nù: Gilbert Fowler àti Bí Omi Ìdọ̀tí Ṣe Ń Mọ́

Ní Ìjagun, lẹ́gbẹ̀ẹ́ Ìjẹ̀bú-Òde, bó ṣe rí ní ọ̀pọ̀ ìlú wa, onílé kọ̀ọ̀kan ló ń wá ibi tí yóò da omi ìdọ̀tí tirẹ̀ sí. Nígbà tí ilé ò pọ̀, tí oko yí ìlú ká, kò sí ẹni tí ọ̀rọ̀ náà ń dùn. Ṣùgbọ́n láti ìgbà tí ilé ẹ̀kọ́ gíga ti dé síbẹ̀, tí ó sì di Yunifásítì Ẹ̀kọ́ Tai Solarin ní 2005, họ́sítẹ́ẹ̀lì àdáni ń hù níbi tí ẹ̀gẹ́ ti ń hù tẹ́lẹ̀. Yàrá bí ogún lábẹ́ òrùlé kan, ènìyàn méjì tàbí mẹ́ta nínú yàrá kọ̀ọ̀kan. Omi ìwẹ̀ wọn, omi aṣọ wọn, omi abọ́ wọn àti ti ilé ìgbọ̀nsẹ̀, inú ihò kan lẹ́yìnkùlé ni gbogbo rẹ̀ ń lọ, èyí tí a ń pè ní sókàwéè. Bí bíríkìlà bá ti fi kọnkéré dé e, ọ̀rọ̀ rẹ̀ ti parí lójú onílé. Àmọ́ omi kò dúró síbẹ̀. Ó ń lọ, ó sì ní ibi tó ń lọ.

Ta ló ń fọ omi náà mọ́ kí ó tó dé kànga ẹlòmíràn, bí ẹnikẹ́ni bá tilẹ̀ ń fọ̀ ọ́? N kò mọ ọ̀nà tó dára láti dáhùn ìbéèrè yìí ju kí n sọ ìtàn iṣẹ́ Gilbert John Fowler lọ. Onímọ̀ kẹ́mísírì ni, ọ̀nà tí ó là ni ọ̀pọ̀ ìlú ńlá ayé fi ń fọ omi ìdọ̀tí wọn títí di òní, bẹ́ẹ̀ ni òkìkí rẹ̀ kò kàn ní ibi tí ó yẹ kí ó kàn. Ìmọ̀ tó bẹ̀rẹ̀ ní yàrá àyẹ̀wò rẹ̀ gba ilẹ̀ Íńdíà kọjá kí ó tó dé Ìbàdàn.

Paris ni wọ́n ti bí Fowler ní 1868, ṣùgbọ́n Manchester, ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ló ti kàwé, ibẹ̀ náà ló ti rí iṣẹ́. Manchester ayé ìgbà náà ni ìlú òwú. Aṣọ tí wọ́n ń hun níbẹ̀ kún inú ṣọ́ọ̀bù Èkó, àwọn oníṣòwò wa mọ orúkọ ìlú náà dáadáa. Ohun tí wọn ò mọ̀ ni bí odò ìlú ọ̀hún ṣe rí. Ìdọ̀tí ilé àti omi aró ilé iṣẹ́ ti pa odò Irwell: ó dúdú, ó ń rùn, ẹja ò sí níbẹ̀ mọ́. Ní 1894 ìlú náà ṣí ibi ìfọmọ́ omi ìdọ̀tí kan ní Davyhulme, ní ọdún kan náà tí wọ́n ṣí odò àgbẹ́là tí ọkọ̀ òkun ń gbà wọ Manchester. Fowler bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Davyhulme ní 1896, kò tíì pé ọmọ 30 ọdún.

Kí a tó mọ ohun tó ṣe, ó yẹ kí a mọ ohun tó ń pa odò. Kì í ṣe òórùn, kì í sì í ṣe àwọ̀. Ọ́síjìn ni afẹ́fẹ́ tí ẹja ń mí nínú omi, èyí tí omi sì lè gbà mọ́ra kò pọ̀ rárá: nínú ooru ilẹ̀ wa, lítà omi kan kò lè gbà ju nǹkan bíi mílígíráàmù 8 lọ. Àwọn kòkòrò àìfojúrí tó ń jẹ ìdọ̀tí náà ń mí. Bí oúnjẹ bá ti pọ̀ fún wọn, wọ́n á máa bí sí i, wọ́n á sì máa fa ọ́síjìn inú omi mu. Láàárín ọjọ́ 5 péré, lítà omi ìdọ̀tí kan láti inú ilé lè béèrè ọ́síjìn tó tó mílígíráàmù 300. Ẹ bá mi pín 300 sí 8: garawa omi ìdọ̀tí kan lè mu gbogbo ọ́síjìn inú garawa omi odò bíi 37 tán. Àìrí èémí mí ló ń pa ẹja. Lẹ́yìn èyí ni irú kòkòrò mìíràn, tí kò nílò ọ́síjìn, yóò gba ipò, àwọn yẹn ló ń mú òórùn ẹyin tó bàjẹ́ jáde. Ìgbìmọ̀ tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì gbé kalẹ̀ ní 1898 ló wá dábàá ní 1912 pé kí lítà omi kan tí ìlú bá fẹ́ dà sódò má ṣe béèrè ọ́síjìn ju mílígíráàmù 20 lọ láàárín ọjọ́ 5 náà. Títí di òní, ìwọ̀n ọjọ́ 5 yìí ni a fi ń mọ omi tó dọ̀tí sí èyí tó ti mọ́.

Ohun tí mo fẹ́ kí òǹkàwé dì mú níbí ni pé kòkòrò tó ń pa odò náà ni òṣìṣẹ́ tó lè gbà á là. Ó ń jẹ ìdọ̀tí, iṣẹ́ rẹ̀ nìyẹn. Ibi tí ó ti ń jẹun ni ìjà wà. Bí ó bá jẹ ẹ́ tán kí omi tó dé odò, odò yè. Èyí kò tètè yé àwọn ará ìṣáájú. Ọ̀pọ̀ ọdún ni wọ́n fi ń da ẹfun àti kẹ́míkà sínú omi ìdọ̀tí, bóyá yóò rọ̀, bóyá kò ní rùn mọ́. William Dibdin, onímọ̀ kẹ́mísírì ní London, wà lára àwọn tó kọ́kọ́ pariwo pé kí wọ́n yé pa kòkòrò náà, kí wọ́n wá ilé fún un. Ilé tí wọ́n rí fún un nígbà náà ni òkúta wẹ́wẹ́: a ó to òkúta sínú kòtò ńlá, a ó da omi ìdọ̀tí lé e, kòkòrò á lẹ̀ mọ́ ara òkúta, á máa jẹ ohun tó bá ń kọjá. Ọ̀nà náà ń ṣiṣẹ́. Ṣùgbọ́n ilẹ̀ tó ń gbà pọ̀, òkúta sì máa ń dí.

Ní 1912 Fowler rìnrìn àjò lọ sí Amẹ́ríkà, nítorí ìdọ̀tí tó ń ba èbúté New York jẹ́. Ó yà sí Lawrence, ní ìpínlẹ̀ Massachusetts, níbi tí ibùdó ìwádìí omi kan ti wà láti 1887. Àwọn onímọ̀ méjì níbẹ̀, Clark àti Gage, ní ìgò tí wọ́n bu omi ìdọ̀tí sí. Ọ̀bẹ̀dò ti hù nínú ìgò náà, irú èyí tó máa ń sọ omi adágún wa di àwọ̀ ewé, wọ́n sì ń fẹ́ afẹ́fẹ́ sínú rẹ̀. Omi náà ti mọ́. Ìgò yìí kò kúrò lọ́kàn Fowler títí ó fi padà sílé.

Nígbà tí ó dé Manchester, ó rọ àwọn méjì tó ń ṣiṣẹ́ ní yàrá àyẹ̀wò Davyhulme, Edward Ardern àti William Lockett, pé kí wọ́n gbìyànjú irú rẹ̀. Wọ́n bu omi ìdọ̀tí Manchester sínú ìgò tó gbà ju lítà 2 lọ díẹ̀, wọ́n ń fa afẹ́fẹ́ gba inú rẹ̀ kọjá. Wọ́n fi bébà aláwọ̀ ilẹ̀ wé ìgò náà kí ìmọ́lẹ̀ má baà wọlé, kí ọ̀bẹ̀dò má sì lè hù. Ohun tí wọ́n fẹ́ mọ̀ ni agbára afẹ́fẹ́ nìkan.

Ọ̀sẹ̀ 5 ni ó gbà kí omi náà tó mọ́ dé ojú àmì. Ìlú wo ló lè pa omi ìdọ̀tí rẹ̀ mọ́ fún ọ̀sẹ̀ 5? Bí wọ́n bá dá a dúró níbẹ̀, tí wọ́n fọ ìgò náà, tí wọ́n bu omi tuntun sí i, ìwádìí náà ì bá ti kú. Àwọn mìíràn ti fẹ́ afẹ́fẹ́ sí omi ìdọ̀tí ṣáájú wọn, tí wọ́n sì dáwọ́ dúró níbẹ̀. Ardern àti Lockett kò fọ ìgò. Wọ́n jẹ́ kí omi náà tòrò, gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ aláwọ̀ ilẹ̀ kan rọ̀ sísàlẹ̀, wọ́n rọra da omi tó mọ́ lókè kúrò, wọ́n wá bu omi ìdọ̀tí tuntun lé gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ náà lórí. Lẹ́ẹ̀kejì, kò tó ọ̀sẹ̀ 5 mọ́. Wọ́n tún ṣe bẹ́ẹ̀ lẹ́ẹ̀kẹta, lẹ́ẹ̀kẹrin. Bí gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ ṣe ń pọ̀ sí i nínú ìgò ni àkókò ń dínkù, títí tí omi fi ń mọ́ láàárín wákàtí 24, ó sì tún wá sílẹ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ lẹ́yìn náà.

Ẹni tó bá mọ ẹlẹ́mu dáadáa kò ní jẹ́ kí èyí yà á lẹ́nu. Akèǹgbè tí gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ ẹmu àná ṣì wà nídìí rẹ̀ ni ẹmu tuntun tètè ń hó nínú rẹ̀, nítorí pé àwọn tó ń ṣe iṣẹ́ náà ti wà ńlé kí àlejò tó dé. Gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ tí gbogbo ayé ń sá fún, tí ìlú ń náwó láti kó dànù, òun gan-an ni òṣìṣẹ́. Ọ̀kẹ́ àìmọye kòkòrò àìfojúrí ló so mọ́ra wọn nínú rẹ̀, ebi sì ń pa wọ́n.

Ní ọjọ́ 3 oṣù Kẹrin 1914, Ardern àti Lockett ka àbájáde ìwádìí náà níwájú ẹgbẹ́ àwọn onímọ̀ kẹ́mísírì ní Manchester. Orúkọ àwọn méjèèjì ló wà lórí ìwé náà. Wọ́n sọ nínú rẹ̀ pé Fowler ló fi ọ̀nà hàn wọ́n, Fowler náà kò sì jẹ́ kí wọ́n gbàgbé Lawrence. Mo ka èyí sí ìwà ọmọlúàbí láàárín àwọn oníṣẹ́ ìmọ̀, ó sì dùn mọ́ mi nínú, nítorí pé owó ńlá wà nínú ọ̀rọ̀ yìí. Ilé iṣẹ́ kan tó gba àṣẹ ẹ̀tọ́ lórí ọ̀nà náà pe ìlú Milwaukee ní Amẹ́ríkà lẹ́jọ́ nígbà tó yá, ìlú náà sì jẹ̀bi. Ìlú Worcester ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í lò ó fún omi tirẹ̀ ní 1916, láàárín ogun. Ọdún 2 péré ni láti inú ìgò dé inú ìlú.

Bí a bá wo ẹ̀kán gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ yìí nínú ẹ̀rọ amú-nǹkan-tóbi, ọ̀tọ̀ ni ohun tí a ó rí. Bakitéríà ló pọ̀ jù. Wọ́n ń jẹ ìdọ̀tí tó ti yọ́ sínú omi, wọ́n ń sọ apá kan di ara tiwọn, wọ́n ń mí apá kejì jáde. Ohun alálẹ̀mọ́ kan ń jáde lára wọn tí ń so wọ́n pọ̀ di ìṣù kéékèèké, ìṣù yìí ló sì ń wúwo tó fi ń rọ̀ sísàlẹ̀ nígbà tí afẹ́fẹ́ bá dúró. Lẹ́yìn wọn ni àwọn tó tóbi díẹ̀, tí wọ́n ń pè ní protosóà. Àwọn kan lára wọn ní ẹnu fífẹ̀ lórí ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́, wọ́n so ara wọn mọ́ ìṣù náà, wọ́n ń fa omi sẹ́nu, wọ́n ń jẹ bakitéríà tó ń dá rìn kiri. Nítorí wọn ni omi náà fi ń dán níkẹyìn. Òṣìṣẹ́ ibi ìfọmọ́ tó bá mọṣẹ́ kò ní dúró de ọjọ́ 5 kó tó mọ̀ bóyá nǹkan ń lọ déédéé: yóò wo ẹ̀kán kan, yóò ka protosóà inú rẹ̀.

Àwọn kan tún wà tí wọn kì í jẹ ìdọ̀tí bẹ́ẹ̀. Amóníà ni tiwọn, èyí tó ń jáde láti inú ìtọ̀. Wọ́n ń sọ ọ́ di náítíráìtì, wọ́n sì ń sọ náítíráìtì di náítírètì. Wọ́n lọ́ra, wọ́n fẹ́ràn ooru, wọn kì í sì ṣiṣẹ́ bí ọ́síjìn kò bá tó. Nígbà tí Ardern àti Lockett ní omi ìgò àkọ́kọ́ mọ́ lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ 5, ohun tí wọ́n ń wò ni náítírètì: bí gbogbo amóníà bá ti yí padà, iṣẹ́ ti parí. N óò tún dárúkọ náítírètì nígbà tí a bá dé ìdí kànga.

Ní 1916 Fowler fi Manchester sílẹ̀, ó lọ sí ilẹ̀ Íńdíà láti di ọ̀jọ̀gbọ́n ní ilé ẹ̀kọ́ ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ tó wà ní Bangalore, èyí tí owó ìdílé Tata dá sílẹ̀. Ẹ̀ka ìmọ̀ kẹ́mísírì ohun abẹ̀mí tí ó bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀ ní 1921, òun ni olórí rẹ̀ àkọ́kọ́. Lójú tèmi, ibẹ̀ ni èrò rẹ̀ ti gbó. Ní Manchester, wàhálà wọn ni bí ìdọ̀tí yóò ṣe kúrò nínú omi. Ní Íńdíà, ó rí àgbẹ̀ tí ilẹ̀ rẹ̀ ti rù, ó sì rí ìlú tó ń da ohun tí ilẹ̀ náà nílò sínú odò. Náítírójìn tó wà nínú oúnjẹ, inú oko ló ti wá. Bí kò bá padà sóko, oko ń jẹ gbèsè. Ó kọ odindi ìwé lórí bí a ṣe lè pa náítírójìn mọ́, ó jáde ní 1934. Kò fi Íńdíà sílẹ̀ ní kíákíá, ó sì dàgbà kí ó tó kú ní 1953. Irú èrò yìí kan náà ni Milwaukee tí mo dárúkọ lẹ́ẹ̀kan ń lò: láti 1926 ni wọ́n ti ń sá gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ tiwọn gbẹ, tí wọ́n ń tà á fún àwọn tó ń tọ́jú pápá koríko àti fún àgbẹ̀.

Lẹ́yìn tí Fowler ti kúrò ní ilé ẹ̀kọ́ náà, V. Subrahmanyan àti S. C. Pillai ń bá ìwádìí gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ lọ ní Bangalore. Ní 1942 wọ́n kọ̀wé nínú ìwé ìròyìn ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ Nature pé iṣẹ́ protosóà pọ̀ ju bí àwọn onímọ̀ ṣe rò lọ. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó bá Pillai ṣiṣẹ́ lórí ọ̀rọ̀ yìí kan náà níkẹyìn ni Mynepalli K. C. Sridhar. Ní àwọn ọdún 1970 ni Sridhar wá sí Yunifásítì Ìbàdàn, ó sì di ọ̀jọ̀gbọ́n ìmọ̀ ìlera àyíká níbẹ̀. Báyìí ni ìmọ̀ inú ìgò Manchester ṣe gba Bangalore dé ilẹ̀ Yorùbá, láti ọwọ́ olùkọ́ sí ọwọ́ akẹ́kọ̀ọ́. Àìmọye akẹ́kọ̀ọ́ tó di òṣìṣẹ́ ìlera ní ìpínlẹ̀ wa ló gba ọwọ́ Sridhar kọjá.

Nígbà tó dé Ìbàdàn, kò jókòó sídìí ẹ̀rọ tí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ń lò. Ohun tó bá nílẹ̀ ló ń wò. Òun àti B. M. Sharma, onímọ̀ ewéko ní yunifásítì kan náà, ṣe ìwádìí lórí ojúoró, bí ó ṣe ń hù àti ohun tí ó ń ṣe sí omi tó bá bò. Ó sì wo ọjà Bódìjà, níbi tí wọ́n ti ń pa màlúù nígbà náà, tí ìgbẹ́ ẹran àti ewé ọjà ń gùn bí òkìtì, ó ní ajílẹ̀ ni. Nínú iṣẹ́ tí òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe ni ilé iṣẹ́ ajílẹ̀ Pacesetter ti jáde ní ọjà náà: wọ́n ń jẹ́ kí ìdọ̀tí jẹrà nínú afẹ́fẹ́, wọ́n ń da èròjà díẹ̀ mọ́ ọn, wọ́n ń rọ ọ́ sínú àpò fún àgbẹ̀. Bí Fowler bá wà láyé, inú rẹ̀ ì bá dùn ju ti ìgò 1914 lọ.

Kí ni gbogbo èyí kan Ìjagun?

Sókàwéè tó bá dára, ihò méjì ni. Èkíní ní ilẹ̀ kọnkéré àti ògiri tí kò jò. Inú rẹ̀ ni ohun tó wúwo ti ń rọ̀, tí ọ̀rá ń léfòó, tí kòkòrò tí kò nílò ọ́síjìn ń rọra jẹ ìdọ̀tí. Ọkùnrin ará Faransé kan, Mouras, ló ti kọ́kọ́ kọ́ irú rẹ̀ ní nǹkan bí 1860, kí Donald Cameron tó sọ ọ́ di ohun gbajúmọ̀ ní ìlú Exeter ní àwọn ọdún 1890. Ihò yìí kì í fọ omi mọ́. Ìdá kan nínú mẹ́ta sí ìdajì ìdọ̀tí náà ló ń mú kúrò, omi tó ń jáde níbẹ̀ ṣì kún fún kòkòrò àrùn. Ihò kejì, tí kò ní ilẹ̀ kọnkéré, ló ń jẹ́ kí omi náà wọ inú iyẹ̀pẹ̀. Inú iyẹ̀pẹ̀ yìí ni iṣẹ́ tòótọ́ ti ń ṣẹlẹ̀. Afẹ́fẹ́ wà láàárín hóró iyẹ̀pẹ̀, kòkòrò kan náà tí Ardern àti Lockett bọ́ nínú ìgò sì wà lára rẹ̀. Omi ń ṣàn kọjá díẹ̀díẹ̀, wọ́n ń jẹ ohun inú rẹ̀, iyẹ̀pẹ̀ ń sẹ́ ẹyin aràn àti ọ̀pọ̀ kòkòrò àrùn dúró.

Nítorí náà, iyẹ̀pẹ̀ gbígbẹ gbọ́dọ̀ wà láàárín ìdí ihò kejì àti omi abẹ́ ilẹ̀, mítà kan ààbọ̀ sí méjì ó kéré tán, nígbà òjò pàápàá. Ibí ni a ti ń ṣìṣe jù. Ọ̀pọ̀ lánlọ́ọ̀dù ló fẹ́ kí agbẹ́lẹ̀ gbẹ́ ihò náà jìn títí yóò fi kan omi, kí ó má baà kún láéláé. Lóòótọ́, kò ní kún. Òun àti kànga àdúgbò ti di ọ̀kan náà, kò sí afẹ́fẹ́ láàárín wọn, kò sí òṣìṣẹ́ kankan lójú ọ̀nà. Sókàwéè tí kò kún láti ọdún tí wọ́n ti gbẹ́ ẹ kò yẹ ní ohun tí a fi ń yangàn. Ó yẹ kí ẹ̀rù rẹ̀ bani.

Lẹ́yìn ti jíjìn ni ti ìjìnnà. Ìwọ̀n tí àwọn onímọ̀ ìlera sábà máa ń sọ ni mítà 30 láàárín sókàwéè àti kànga. Pulọ́ọ̀tì wa ní ìpínlẹ̀ Ògùn, ẹsẹ̀ bàtà 60 ní ìbú àti 120 ní gígùn ni, èyí tó jẹ́ nǹkan bíi mítà 18 ní ìbú àti 36 ní gígùn. Bí ẹ bá tilẹ̀ gbẹ́ kànga yín sí ìgun kan, kí ẹ gbẹ́ sókàwéè sí ìgun kejì, tí ẹ sì rí mítà 30 yín, sókàwéè aládùúgbò wà lẹ́yìn ògiri. Ògiri kì í dá omi abẹ́ ilẹ̀ dúró. Ọ̀rọ̀ kànga kì í ṣe ọ̀rọ̀ onílé kan, ọ̀rọ̀ gbogbo àwọn tó yí i ká ni.

Bí iyẹ̀pẹ̀ bá ṣe iṣẹ́ rẹ̀ tán, náítírètì ló ń kù sínú omi náà. Ohun tí inú Manchester ń dùn sí ni, ṣùgbọ́n iyẹ̀pẹ̀ kò lè dì í mú, ó ń bá omi lọ sínú kànga. Àjọ ìlera àgbáyé kò fẹ́ kí ó ju mílígíráàmù 50 lọ nínú lítà omi mímu kan, nítorí ìkókó tó ń mu mílíìkì agolo: ó lè ba ẹ̀jẹ̀ ọmọ náà jẹ́ débi tí kò ní lè gbé ọ́síjìn mọ́. Omi sísè kì í mú náítírètì kúrò. Kódà, bí omi ṣe ń gbẹ lórí iná ni ó ń pọ̀ sí i nínú èyí tó kù. Sísè ń pa kòkòrò kọ́lẹ́rà, ó sì yẹ kí a máa ṣe é, nítorí ní 2021 nìkan, kọ́lẹ́rà pa ju ènìyàn 3,500 lọ ní Nàìjíríà. Ṣùgbọ́n ìyá ìkókó ní àdúgbò họ́sítẹ́ẹ̀lì gbọ́dọ̀ wá omi mìíràn fún ọmọ, àfi bí wọ́n bá ti yẹ kànga náà wò.

Ẹnì kan lè ní, kí ló dé tí àwọn họ́sítẹ́ẹ̀lì kò fi dáwó jọ kí wọ́n kọ́ irú ti Manchester? Iná ni. Ọ̀nà Ardern àti Lockett ń béèrè afẹ́fẹ́ tọ̀sán-tòru. Bí iná bá lọ fún wákàtí mélòó kan, òṣìṣẹ́ inú gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í kú, ìdọ̀tí á bẹ̀rẹ̀ sí í rà. Ẹni tó mọ iye owó tí dísẹ́ẹ̀lì ń jẹ mọ̀ pé ìyẹn ò ṣeé ṣe fún onílé.

Ìdí nìyí tí bébà aláwọ̀ ilẹ̀ yẹn fi ṣe pàtàkì sí mi. Àwọn ará Manchester fi bo ìgò kí oòrùn má wọlé. Oòrùn wọn kò tó nǹkan, wọ́n sì ní èédú láti fi dá iná. Àwa, oòrùn ni a ní lọ́pọ̀. Ohun tí Fowler rí ní Lawrence, tí wọ́n fi bébà sé mọ́ta, ni ó bá ilẹ̀ wa mu jù. Ní 1957, William Oswald àti Harold Gotaas ní Kalifọ́níà kọ ọ́ sílẹ̀ bí ó ṣe ń ṣiṣẹ́: ọ̀bẹ̀dò ń fi ìmọ́lẹ̀ oòrùn ṣe oúnjẹ, ó ń tú ọ́síjìn sínú omi, kòkòrò ń fi ọ́síjìn náà jẹ ìdọ̀tí, ó ń mí èéfín kábọ́ọ̀nù jáde, ọ̀bẹ̀dò tún ń gba ìyẹn padà. Kò sí pọ́ǹpù. Adágún mélòó kan tó tò léra ni: ti àkọ́kọ́ jìn, ibẹ̀ ni ẹrọ̀fọ̀ ti ń rọ̀, ti àárín kò ju mítà kan ààbọ̀ lọ, ti ìkẹyìn kò jìn ju mítà kan lọ, kí oòrùn lè kan ìsàlẹ̀ rẹ̀. Lọ́sàn-án, ọ̀bẹ̀dò ń fa èéfín kábọ́ọ̀nù inú omi débi tí omi náà fi ń dà bí ti ọṣẹ, ìyẹn àti oòrùn ló ń pa kòkòrò àrùn tó kù, iṣẹ́ tí ẹ̀rọ Manchester kì í ṣe tán. Ooru wa náà ń mú kí kòkòrò tètè jẹun. Adágún irú èyí wà ní Yunifásítì Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ ní Ilé-Ifẹ̀.

Ilẹ̀ ni ó ń jẹ. Onípulọ́ọ̀tì kan kò lè ṣe é. Ṣùgbọ́n yunifásítì, tàbí ìjọba ìbílẹ̀, tàbí àwọn onílé àdúgbò tó bá fọwọ́ sowọ́ pọ̀ ra ilẹ̀ níbi tí odò wà nísàlẹ̀, lè ṣe é. A gbọ́dọ̀ máa ro etí rẹ̀ kí ẹ̀fọn má baà gbé ibẹ̀. A kò sì gbọ́dọ̀ jẹ́ kí ojúoró bò ó, nítorí bí ojúoró bá ti tẹ́ lójú omi, ìmọ́lẹ̀ kò wọlé mọ́, a tún ti fi bébà wé ìgò nìyẹn.

Títí a ó fi rí irú ẹ̀ báyìí ní Ìjagun, iṣẹ́ wà lọ́wọ́ ẹni tó ní ihò lẹ́yìnkùlé. Kí ó fa ihò àkọ́kọ́ ní ọdún mẹ́ta sí márùn-ún kí ẹrọ̀fọ̀ má baà ṣàn wọ ihò kejì dí i, kí ó sì bi ọlọ́kọ̀ tó fà á léèrè ibi tó ń dà á sí. Kí ó má máa da bílíìṣì kẹ́ẹ̀gì-kẹ́ẹ̀gì sínú ilé ìgbọ̀nsẹ̀, nítorí àwọn òṣìṣẹ́ abẹ́ ilẹ̀ ni bílíìṣì ń pa. Kí ó má ṣe jẹ́ kí omi òjò orí òrùlé wọ ihò náà. Kí ẹni tó bá fẹ́ gbẹ́ kànga tuntun kọ́kọ́ kan ilẹ̀kùn gbogbo onílé tó yí i ká, kí ó béèrè ibi tí sókàwéè wọn wà àti bí ó ṣe jìn tó, kí ó sì gbẹ́ tirẹ̀ sí apá òkè ilẹ̀ ju gbogbo wọn lọ.